Àdùnní Olórìṣà: Òyìnbó tó fi amọ̀ àti sìmẹ́ńtì gba igbó Ọ̀ṣun sílẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó fẹ́ gé e tà

Bí èèyàn bá ra pulọ́ọ̀tì kan ṣoṣo sílùú ńlá lónìí, tí kò tètè kọ́ nǹkan sí i, tí kò mọ fẹ́ǹsì yí i ká, ẹ mọ ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀. Ọjọ́ kan ni yóò débẹ̀, tí yóò bá ìpìlẹ̀ ilé ẹlòmíì lórí ilẹ̀ ẹ̀. Wọ́n á ní àwọn ò mọ̀ pé ilẹ̀ náà lólówó, pé igbó làwọn rí. Ilẹ̀ tí ò bá ti sí nǹkan lórí ẹ̀, ilẹ̀ òfo ni lójú àwọn tó ń wálẹ̀ kiri.

Pulọ́ọ̀tì kan ṣoṣo là ń sọ yẹn o. Ẹ wáá wo ilẹ̀ tó fẹ̀ tó hẹ́kítà 75, tó wà létí odò, tí kò jìnnà sí ìgboro Òṣogbo rárá, tí igi ńláńlá kún inú ẹ̀ fọ́fọ́, tí ọ̀bọ ń fò láti orí igi kan sí òmíràn. Báwo ni wọn ò ṣe tíì pín in ní pulọ́ọ̀tì pulọ́ọ̀tì títí dòní olónìí?

Ìdáhùn tó máa kọ́kọ́ bọ́ sẹ́nu ọ̀pọ̀ èèyàn ni pé Ọ̀ṣun ló ń ṣọ́ igbó ẹ̀. A ò ní bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí ìyẹn. Ṣùgbọ́n àwọn tó mọ ìtàn igbó náà dáadáa mọ̀ pé ìgbà kan wà tí ọ̀rọ̀ ọ̀hún fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ sórí. Àdá ti wọ igbó, àáké ti wọ igbó, owó sì ti fẹ́ wọ̀ ọ́. Ẹni tó wáá dí wọn lọ́nà kì í ṣe ṣọ́jà, kì í ṣe lọ́yà, kì í ṣe olówó. Obìnrin òyìnbó kan tó ń mọ ère ni. Ohun tó sì fi jà kò ju amọ̀, irin, igi àti sìmẹ́ńtì lọ.

WỌ́N TI Ń GÉ IGI KÓ TÓ DÉ

Gbogbo ọmọ Òṣogbo ló gbọ́ ìtàn Láróòyè àti Tìmẹ́yìn, àwọn tó tẹ ìlú náà dó. Wọ́n ní níbi tí wọ́n ti ń gé igi létí odò ni igi kan ti wó sínú omi, tó sì fọ́ ìkòkò aró Ọ̀ṣun. Ohùn bá jáde látinú omi. Àwọn èèyàn náà tọrọ àforíjì, àdéhùn sì wáyé: ìlú á máa bọ odò, odò á máa dáàbò bo ìlú. Ẹja tó jáde wá gba ẹbọ lọ́wọ́ ọba ni wọ́n sọ pé ó bí orúkọ oyè Àtáója. Ẹ kíyè sí i pé orí igi tí wọ́n gé ni gbogbo ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Láti ìgbà náà ni igbó yẹn ti di ibi tí ọdẹ kì í dẹ, tí apẹja kì í pẹja, tí ẹnikẹ́ni kì í sì í dédé gbé àdá wọ̀.

Ṣùgbọ́n nígbà tó fi máa di nǹkan bíi ọdún 1950 sí 1960, nǹkan ti yí padà. Àwọn ọmọ olórìṣà ti di mùsùlùmí, àwọn mìíràn ti di ọmọ ìjọ, àwọn àgbà àwòrò tó ṣẹ́ kù kò sì lágbára bíi tàtijọ́ mọ́. Èèwọ̀ tí kò bá ti sí ẹni tó máa fìyà jẹ ẹni tó rú u, ọ̀rọ̀ ẹnu lásán ló kù. Ẹ̀ka ìjọba tó ń rí sí iṣẹ́ àgbẹ̀ àti igbó mú apá kan nínú ilẹ̀ náà, wọ́n gé igi àbáláyé, wọ́n gbin tiwọn. Àwọn ọdẹ ń wọlé, àwọn apẹja ń da àwọ̀n, àwọn olè ń jí ère inú ojúbọ kó. Àwọn tó ń fi ilẹ̀ ṣòwò náà ti ń yọjú. Àwọn ojúbọ ń wó lọ́kọ̀ọ̀kan, ikán ń jẹ òpó wọn. Ká sọ̀rọ̀ síbi tọ́rọ̀ wà, igbó Ọ̀ṣun ti ń di ilẹ̀ òfo lójú ayé.

TA NI ÒYÌNBÓ YÌÍ GAN-AN?

Susanne Wenger lorúkọ tí wọ́n sọ ọ́ nílé wọn. Ìlú Graz lórílẹ̀-èdè Ọ́síríà ni wọ́n ti bí i, lọ́jọ́ kẹrin, oṣù keje, ọdún 1915. Ó kọ́ṣẹ́ ọnà nílùú ẹ̀ àti ní Vienna, ó sì fojú ara ẹ̀ rí ohun tí Ogun Àgbáyé Kejì fi ojú àwọn èèyàn wọn rí. Lẹ́yìn ogun ló dé Paris, níbẹ̀ ló ti pàdé Ulli Beier, ọmọ Jámánì. Ìlú London ni wọ́n ti ṣègbéyàwó, àwọn méjèèjì sì jọ wá sí Nàìjíríà ní nǹkan bíi ọdún 1950, torí pé ọkọ ríṣẹ́ olùkọ́ sí yunifásítì Ìbàdàn. Ọkọ ló ríṣẹ́ o, àmọ́ ìyàwó ló wáá rí ibi tí yóò fi ayé ẹ̀ ṣe.

Kò pẹ́ tí wọ́n dé ni ikọ́ ife dá obìnrin náà wó. Àìsàn ọ̀hún pẹ́ lára ẹ̀ débi pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ bá a lọ. Ẹ̀yìn ìyẹn, nígbà tí wọ́n kó lọ sí Ẹdẹ, ló pàdé Ajágẹmọ, àgbà àwòrò Ọbàtálá ìlú náà. Bàbá yìí ló mú un wọ inú ìsìn òòṣà. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún kì í ṣe ti òyìnbó tó wá wòran, tó máa kọ̀wé, tó sì máa padà sílé. Wọ́n bọ́ ọ sínú awo, òun náà sì di àwòrò. Ìyẹn làwọn èèyàn ṣe ń pè é ní Àdùnní Olórìṣà.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ fẹ́ràn ọ̀rọ̀ inú ilé, ẹ gbọ́ èyí náà. Nígbà tó yá, òun àti Beier túra ká, Beier fẹ́ Georgina, ẹni tóun náà jẹ́ oníṣẹ́ ọnà, Àdùnní sì lọ fẹ́ onílù ìbílẹ̀ kan tó ń jẹ́ Ayánṣọlá. Àwọn tó rò pé ìjà máa bẹ́ sílẹ̀ kàn pa ẹnu wọn dé ni, torí Beier àti Àdùnní ò torí ẹ̀ di ọ̀tá. Ilé alájà kan tí wọ́n kọ́ bíi tàwọn Àgùdà, lójú ọ̀nà Ìbòkun l'Óṣogbo, ni Àdùnní ń gbé títí tó fi jáde láyé. Ère ló kún ibẹ̀, wọ́n gbẹ́ ère sí àga pàápàá.

ÀTÚNṢE LÓ BẸ̀RẸ̀, KÒ SÌ DÚRÓ LÓRÍ ÀTÚNṢE

Àwọn tó ń bójú tó ojúbọ ni wọ́n ké sí i pé kó wá bá àwọn tún èyí tó ń wó ṣe. Iṣẹ́ kékeré ni wọ́n fi lọ̀ ọ́. Ẹ ṣáà mọ bó ṣe máa ń rí: ẹ pe bíríkìlà, ẹ pe káfíńtà, ẹ pààrọ̀ òpó tí ikán jẹ, ẹ rẹ́ ògiri, ó parí.

Àmọ́ Àdùnní rí nǹkan tí àwọn yòókù ò kọbi ara sí. Bó bá jẹ́ pé ògiri ojúbọ nìkan ni wọ́n tún rẹ́, ojúbọ á dúró, àmọ́ igbó tó yí i ká á ṣì wà bó ṣe wà, tí ẹni tó fẹ́ gé igi á máa gé e, tí ẹni tó fẹ́ ta ilẹ̀ á máa tà á. Nígbà tó bá sì yá, ojúbọ á dá dúró láàárín ilé àwọn èèyàn bí òkúta tí wọ́n gbàgbé. Lójú tiẹ̀, igbó gan-an ni ojúbọ. Odò ni ojúbọ. Igi kọ̀ọ̀kan tó dúró níbẹ̀ náà, ojúbọ ni. Nítorí náà, iṣẹ́ ọnà ò gbọ́dọ̀ mọ sínú yàrá, ó gbọ́dọ̀ jáde síta, kó bá ilẹ̀ náà dé òpin ẹ̀.

Bí iṣẹ́ ṣe gbòòrò nìyẹn. Wọ́n mọ ògiri gígùn sí ẹ̀gbẹ́ títì, wọ́n sì mọ àwòrán sára ẹ̀, kí ẹni tó ń kọjá lọ má baà lè sọ pé òun ò mọ̀ pé ibẹ̀ lólówó. Wọ́n ṣe ẹnu ọ̀nà aláràbarà. Ojúbọ Òṣogbo tó wà létí odò, ibi tí Àtáója máa ń jókòó sí bí ọdún Ọ̀ṣun bá dé, wọ́n tún un ṣe. Wọ́n kọ́ Ìlédì Òǹtótóó fún àwọn Ògbóni. Ibi tí wọ́n ní ọjà ìlú kọ́kọ́ wà nínú igbó, wọ́n fi ère tún ọjà náà pa. Ọbàtálá ní tiẹ̀, Ẹ̀là ní tiẹ̀, Ìyá Mọ̀pó náà ní tiẹ̀. Ọgọ́rọ̀ ọdún kọ́ ni wọ́n fi ṣe é, àmọ́ kì í ṣe iṣẹ́ ọdún kan tàbí méjì. Láti nǹkan bíi ọdún 1960 lọ, èyí tó pọ̀ jù nínú ayé Àdùnní ló fi ṣe é.

IGI LÓ Ń WÒ KÓ TÓ MỌ ÈRE

Ẹ jẹ́ ká sọ bí wọ́n ṣe máa ń ṣe ère ìta láwọn ìlú wa. Ìjọba á kọ́kọ́ la títì. Wọ́n á ṣe ráńdábáòtù. Wọ́n á wáá rí i pé àárín ráńdábáòtù ṣófo, wọ́n á sì gbé kọngílá fún ẹnì kan pé kó wá gbé ère kan síbẹ̀. Nígbà mìíràn, ère náà máa ń dára gan-an o. Ẹ wo Ṣàngó tí Ben Enwonwu fi bàbà ṣe sí iwájú ilé àwọn oníná ní Marina l'Ékòó lọ́dún 1964, iṣẹ́ ọwọ́ àgbà ni. Ṣùgbọ́n ilé ti wà níbẹ̀, títì ti wà níbẹ̀, kí ère tó dé. Àlejò ni ère níbẹ̀.

Ti Àdùnní yàtọ̀ pátápátá. Ère ló pinnu bí ibẹ̀ ṣe máa rí, igi ló sì pinnu bí ère ṣe máa rí. Kò gé igi láti ráàyè gbé ère kalẹ̀. Ibi tí igi bá fi àyè sílẹ̀ sí ni ère máa ń gbà kọjá. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé ère inú igbó Ọ̀ṣun kì í tọ́ gbọn-ọn bíi ọ̀pá iná. Wọ́n máa ń tẹ̀, wọ́n máa ń lọ́, wọ́n máa ń nà sókè wá ìmọ́lẹ̀ bí ẹ̀ka igi ṣe ń wá a. Ìlédì Òǹtótóó tá a sọ lẹ́ẹ̀kan, òrùlé mẹ́ta ló ní, bẹ́ ẹ bá sì wò wọ́n láti ọ̀ọ́kán, ẹ máa rò pé alángbá ńláńlá mẹ́ta ló ń gun ojú ọ̀run lọ. Ìyá Mọ̀pó, òrìṣà tó ni iṣẹ́ ọwọ́ obìnrin, aró rírẹ àti ìkòkò mímọ, ga fíofío, ó yọ lókè orí èèyàn bí ìyá tó ń wo àwọn ọmọ ẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń ṣeré.

Ohun kejì ni pé ẹ ò lè dúró lójú kan kẹ́ ẹ rí gbogbo ẹ̀. Ère orí ráńdábáòtù, inú ọkọ̀ lèèyàn ti ń wò ó, tí yóò sì kọjá lọ. Ti inú igbó yìí, àfi kẹ́ ẹ fẹsẹ̀ rìn. Ẹ máa rìn díẹ̀, ẹ ò ní rí nǹkan ju ewé lọ. Ẹ máa yà sápá òsì, ojú kan á ti máa wò yín láàárín ìtàkùn. Kẹ́ ẹ tó mọ̀, ẹ ti wà láàárín wọn. Ẹni tó wọ inú igbó náà pẹ̀lú ariwo, láìpẹ́ ló máa ń dákẹ́, kò sì sẹ́ni tó ní kó dákẹ́.

Ohun kẹta ni ohun tí wọ́n fi ṣe é. Wọn ò wá òkúta olówó iyebíye láti òkè òkun. Ilẹ̀ pupa ibẹ̀ náà ni wọ́n pò. Wọ́n á ki irin mọ́lẹ̀ bí egungun, wọ́n á fi amọ̀ bò ó bí ẹran ara, wọ́n á wáá fi sìmẹ́ńtì rẹ́ ẹ bí awọ. Ohun tí bíríkìlà èyíkéyìí nígboro mọ̀ ọ́n ṣe ni. Nígbà tí òjò bá sì ti pa á fún ọdún díẹ̀, tí ewédò bá ti hù sí i lára, èèyàn ò ní mọ ibi tí ilẹ̀ parí sí àti ibi tí ère ti bẹ̀rẹ̀.

Èyí tó wáá jẹ́ ọgbọ́n tó ga jù ni pé kò sí ohun tẹ́nikẹ́ni lè rí gbé tà níbẹ̀. Àwọn ère onígi kéékèèké àtijọ́, olè lè fi wọ́n sábẹ́ agbádá. Ta ló máa gbé Ìyá Mọ̀pó sábẹ́ agbádá? Ẹni tó bá fẹ́ iṣẹ́ Àdùnní, àfi kó wá sínú igbó. Bí igbó bá sì parẹ́, iṣẹ́ náà parẹ́ nìyẹn. Ó so àwọn méjèèjì mọ́ra wọn bí ẹni so àpò mọ́ ọ̀pá.

ÀWỌN BÍRÍKÌLÀ TÍ AYÉ WÁÁ MỌ̀

Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún yín pé Àdùnní nìkan ló dá gbogbo ẹ̀ ṣe, irọ́ ló ń pa. Òun gan-an ò sì sọ bẹ́ẹ̀ rí. Àwọn tó bá a ṣiṣẹ́, ọmọ ìlú ni wọ́n. Adébísí Àkànjí, bíríkìlà ni. Ọwọ́ ẹ̀ ló wà lára ògiri sìmẹ́ńtì alátòpọ̀ tó kún fún àwòrán èèyàn àti ẹranko, èyí tó ṣe sí ilé epo kan nígboro Òṣogbo, kí wọ́n tó máa mẹ́nu ba tinú igbó. Buraimoh Gbadamosi, káfíńtà ni kó tó di ẹni tó ń gbẹ́ òkúta àti igi. Sàká Àrẹ̀mú náà mọ sìmẹ́ńtì bí ẹní mọ àkàrà. Kàsálì Àkàngbé Ògún sì wà níbẹ̀ tó ń gbẹ́ òpó igi tó tẹ́ẹ́rẹ́, tó gùn, tójú ẹ̀ ò jọ tẹnì kankan.

Kò kó wọn jókòó sínú kíláàsì láti kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílùú òyìnbó. Wọ́n á jọ sọ̀rọ̀ nípa òrìṣà tí wọ́n fẹ́ ṣe, lẹ́yìn náà, oníkálukú á fi ọwọ́ tiẹ̀ ṣe é. Ẹni tí ojú ẹ̀ bá ti mọ́ra níbẹ̀ á mọ̀ pé ọwọ́ Àkànjí rèé, pé ọwọ́ Àkàngbé nìyẹn. Ẹ má sì ṣe kó wọn pọ̀ mọ́ àwọn bíi Twins Seven-Seven, Múráínà Oyèlámì àti Jímọ̀ Bùráímọ̀ o. Ọ̀dọ̀ Georgina Beier làwọn yẹn ti kọ́ṣẹ́ ní tiwọn, àwòrán kíkùn ló sì gbé orúkọ wọn jáde. Òṣogbo kan náà ni, àmọ́ agbo méjì ni.

KÌ Í ṢE GBOGBO ÈÈYÀN LÓ GBÀ FÚN UN

Ọ̀rọ̀ náà ò lọ wẹ́rẹ́ bẹ́ẹ̀ o. Òṣogbo kún fún mùsùlùmí, ọmọ ìjọ náà ò kéré, ọ̀pọ̀ wọn ló sì ń bínú pé ìbọ̀rìṣà táwọn bàbá àwọn ti fi sílẹ̀ ni òyìnbó kan tún wá ń gbé dìde. Wọ́n ní òyìnbó kan náà tó kó Bíbélì wá láti ní ká jó òrìṣà, òyìnbó mìíràn ló tún wáá ń ní ká má jó o. Ọ̀rọ̀ náà pani lẹ́rìn-ín, àmọ́ ó láwọn lára.

Àwọn mìíràn sì wà tó jẹ́ pé iṣẹ́ náà gan-an ni wọn ò fara mọ́. Wọ́n ní ère Yorùbá kì í rí bẹ́ẹ̀. Ère àtijọ́ kì í tóbi, igi ni wọ́n fi ń gbẹ́ ẹ, inú ilé òrìṣà ni wọ́n sì ń gbé e sí, tó jẹ́ pé àwọn tó mọ̀ nìkan ló ń rí i. Wọ́n ní kí ló dé tí Ọbàtálá fi wáá ń dúró ní gbangba, tó tóbi ju ilé lọ? Wọ́n ní èyí tó ń ṣe yìí, òyìnbó ló wà níbẹ̀, kì í ṣe Yorùbá.

Ẹ̀sùn yẹn ò ṣeé fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn, torí òótọ́ wà nínú ẹ̀. Ère rẹ̀ ò jọ tàwọn baba wa. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká bi ara wa léèrè. Nígbà tí ère ń gbé inú ilé, ta ló ń halẹ̀ mọ́ igbó? Kò sẹ́nì kan. Gbogbo ìlú ló mọ̀ pé èèwọ̀ ni, ìbẹ̀rù èèwọ̀ sì tó fẹ́ǹsì. Ìgbà tí ìbẹ̀rù yẹn lọ, tí ẹni tó gbé àáké dání kò mọ̀ tàbí kò bìkítà pé ibẹ̀ kì í ṣe ilẹ̀ lásán, ère ní láti jáde síta, kó sì tóbi tó ẹni tí katapílà máa rí. Ìgbà ló yí padà, ère náà sì bá ìgbà yí. Àwọn tó sì fi ọwọ́ mọ ọ̀pọ̀ nínú wọn, ọmọ Yorùbá pọ́ńbélé ni.

Ọba Samuel Adénlé tó jẹ́ Àtáója nígbà tí iṣẹ́ náà bẹ̀rẹ̀ ò sì lé e lọ. Bí ọba ìlú bá ti fàyè gba èèyàn, ẹ mọ̀ pé apá àwọn tó ń kùn lábẹ́lẹ̀ ò lè ká a.

ÌJỌBA NÁÀ FỌWỌ́ SÍ I

Èso àkọ́kọ́ yọ lọ́dún 1965. Ìjọba kéde apá kan nínú igbó náà gẹ́gẹ́ bí ohun ìṣẹ̀ǹbáyé tí òfin orílẹ̀-èdè ń dáàbò bò. Nígbà tó di ọdún 1992, wọ́n fẹ òfin náà dé gbogbo hẹ́kítà 75. Lọ́dún 2005 ni àjọ UNESCO wáá kọ orúkọ igbó Ọ̀ṣun mọ́ àwọn ibi àjogúnbá gbogbo ayé. Sukur tó wà lápá Àríwá nìkan ló ṣáájú ẹ̀ ní Nàìjíríà, lọ́dún 1999.

Ohun tí wọ́n ń dáàbò bò níbẹ̀ kì í ṣe ère nìkan o. Ojúbọ tó tó 40 ló wà nínú igbó náà, ààfin méjì tún wà níbẹ̀, nǹkan bíi 400 oríṣi ewé àti igi ló ń hù níbẹ̀, tí èyí tó lé ní 200 nínú wọn sì jẹ́ egbòogi. Ẹ lọ wo ẹ̀gbẹ́ ìlú ńlá wo ní ilẹ̀ Yorùbá lónìí kẹ́ ẹ wá sọ fún wa bóyá ẹ rí irú igbó bẹ́ẹ̀. Lọ́dọọdún nínú oṣù kẹjọ, bí Arugbá bá gbé igbá jáde, tí ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn tẹ̀ lé e wọ inú igbó, abẹ́ àwọn igi yẹn ni wọ́n ń gbà kọjá, ojú àwọn ère yẹn ni wọ́n sì ń ṣe é. Àwọn ọmọ Yorùbá tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Brazil àti Cuba ló gbé Ọ̀ṣun dé ọ̀hún, tó fi jẹ́ pé àwọn àrọ́mọdọ́mọ wọn náà ń wá láti òkèèrè wá fojú rí odò tí wọ́n ń gbọ́ orúkọ ẹ̀ nínú orin.

AMỌ̀ KÌ Í ṢE IRIN

Lọ́jọ́ kejìlá, oṣù kìíní, ọdún 2009, Àdùnní Olórìṣà jáde láyé l'Óṣogbo. Ẹni ọdún 93 ni. Ó ti lò fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 60 ọdún nílẹ̀ wa, ìyẹn sì ju iye ọdún tó lò nílẹ̀ tí wọ́n bí i sí lọ dáadáa.

Ọ̀rọ̀ tó wáá kù nílẹ̀ rèé. Ilé tí wọ́n fi amọ̀ kọ́, gbogbo wa la mọ ìṣòro ẹ̀. Òjò ń pa á, gbòǹgbò igi ń wú u, ikán ń gba inú ẹ̀, irin tó wà nínú ẹ̀ ń dípẹtà, sìmẹ́ńtì ń sán. Ère kan lè máa rẹ́rìn-ín sí yín lọ́dún yìí, kó di òkìtì lọ́dún tó ń bọ̀. Kí Àdùnní tó kú ni àwọn ọ̀rẹ́ ẹ̀ ti dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀, Adunni Olorisha Trust, tí wọ́n ń wá owó, tí àwọn àti àjọ ìjọba tó ń bójú tó mùsíọ́ọ̀mù àti ohun ìṣẹ̀ǹbáyé sì jọ ń tún àwọn ère náà ṣe. Ọ̀pọ̀ lára wọn ti dìde dúró padà. Àmọ́ iṣẹ́ àtúnṣe yìí kì í ṣe èyí tí èèyàn ń ṣe lẹ́ẹ̀kan kó lọ sùn. Bí oko ló rí: ọdún tí wọn ò bá ro ó, igbó á gbà á. Ọwọ́ tó mọ̀ ọ́n ṣe ló sì ṣòro jù láti rí, torí àwọn tó bá Àdùnní pò amọ̀ ti darúgbó, àwọn kan nínú wọn sì ti lọ. Bí wọn ò bá fi iṣẹ́ náà lé ọmọ lọ́wọ́, owó gbogbo ayé ò lè tún Ìyá Mọ̀pó mọ.

Èyí tó tún wáá dun ni jù kò tilẹ̀ ti inú igbó wá. Odò Ọ̀ṣun kì í bẹ̀rẹ̀ l'Óṣogbo. Ilẹ̀ Èkìtì ló ti ń sun, ó sì gba ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà kọjá kó tó dé ọ̀dọ̀ wọn. Lójú ọ̀nà yẹn làwọn tó ń wa góòlù ti ń gbẹ́ ilẹ̀, tí wọ́n ń fọ ẹrẹ̀ sínú omi. Odò tí wọ́n ń pè ní omi ìwòsàn pọ́n bí omi àgbàrá. Lọ́dún 2022, kí ayẹyẹ Ọ̀ṣun tó wáyé, àwọn aláṣẹ ní láti kìlọ̀ fáwọn olùjọ́sìn pé kí wọ́n má mu omi náà. Ẹ rò ó wò ná. Ẹni tó ti ìlú òkèèrè wá gba omi àánú, tí wọ́n ní kó má fi kan ẹnu.

Ogójì ọdún lé ni Àdùnní àtàwọn bíríkìlà ẹ̀ fi mọ fẹ́ǹsì yí igbó yẹn ká, wọ́n sì ṣẹ́gun. Wọ́n lé ọdẹ, wọ́n lé apẹja, wọ́n lé àwọn onígẹdú, wọ́n lé àwọn tó fẹ́ ta ilẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò lè pe ibẹ̀ ní ilẹ̀ òfo mọ́ láéláé. Ṣùgbọ́n fẹ́ǹsì ò lè dá omi dúró. Ohun tí wọ́n bá dà sínú odò ní Ìjẹ̀ṣà, àárọ̀ ọjọ́ kejì, ó ti dé iwájú ojúbọ.

Obìnrin kan tí kò sí ẹbí ẹ̀ kankan níbẹ̀ ló ti òkè òkun wá, tó pò amọ̀ wa, tó fi mọ ẹ̀ṣọ́ fún igbó wa. Ó ṣe ìwọ̀n tí ọwọ́ ẹ̀ ká. Àwa tá a ni odò ńkọ́? Bí Ọ̀ṣun bá tún ti inú omi ké jáde lónìí, pé wọ́n ti fọ́ gbogbo ìkòkò aró òun, ta ni nínú wa tó máa ní òun ò mọ ẹni tó fọ́ ọ?